Orin Kan, Ọdún Kan

Kò sí ẹni tó bẹ Rávdná kó tó jáde. Jovnna ti fi ọkọ̀ pákó rẹ̀ yí ilé wọn po lẹ́ẹ̀kan lórí yìnyín, àgbọ̀nrín tó ń fà á ti ń mí hẹlẹhẹlẹ, àwọn aládùúgbò sì ti jáde wá wòran. Bí ọmọbìnrin bá fẹ́ ẹni tó wá tọrọ rẹ̀, á jáde, á tú àgbọ̀nrín onítọ̀hún sílẹ̀ nídìí ọkọ̀. Bí kò bá fẹ́ ẹ, á jókòó sínú ilé, ọ̀gbẹ́ni á sì máa yípo títí ojú á fi tì í, á bá tirẹ̀ lọ. Ọmọ tó bá gbọ́n máa ń jẹ́ kó yípo lẹ́ẹ̀mẹta, kí aráyé má baà sọ pé ó ń kánjú ilé ọkọ. Ṣùgbọ́n ta ní í gbọ́n lọ́mọ ogún ọdún? Jovnna ò tíì yí igun ilé lẹ́ẹ̀kejì tán tí Rávdná fi ti dúró sínú yìnyín, bàtà ìyá rẹ̀ lẹ́sẹ̀, tó di àgbọ̀nrín mú, tó ń tú okùn.

"O ò tiẹ̀ jẹ́ kí n yangàn díẹ̀," Jovnna sọ fún un, ẹ̀rín gba ẹnu rẹ̀.

"Òtútù ń mú àgbọ̀nrín," Rávdná dá a lóhùn. "Tìẹ kọ́ ni mo ń rò."

Ohun tó kù ni kọfí. Ọmọkùnrin á gbé ìkòkò àti kọfí tirẹ̀ wá, á sè é lórí iná àwọn òbí ìyàwó, á bù ú fún bàbá. Bí bàbá bá mu ún, ó parí nìyẹn. Jovnna sè é, ó bù ú. Ásllat, bàbá Rávdná, wo ife náà, kò fọwọ́ kàn án. Heandarat, àbúrò bàbá Jovnna, tó wá ṣe alárenà, fi ẹ̀rín bo ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀.

"Ásllat, kọfí yìí kì í ṣe májèlé o."

"Mo mọ̀. Ẹ jẹ́ kí n bi yín léèrè kan. Àgbọ̀nrín mélòó ni ọmọ yín ní?"

"Ó ní èyí tó gbé e wá."

"Èyí tó gbé e wá yẹn, ta ló ni ín?"

Heandarat wúkọ́. "Èmi náà ni."

Àwọn tó wà lẹ́nu ọ̀nà bú sẹ́rìn-ín. Jovnna ò rẹ́rìn-ín. Kò ní agbo ẹran lóòótọ́. Odò ni oko tirẹ̀. Bí odò bá ti dì, á fi ayùn gé omi dídì ibẹ̀ bíi bíríkì, òun àtàwọn ọ̀dọ́ ìlú á fi kọ́ gbọ̀ngàn orin sí etí odò, á gbẹ́ gòjé láti ara omi dídì kan náà, á fi okùn sí i. Kò sí ẹni tó lè lu gòjé bíi tirẹ̀ ní gbogbo Vuolleluokta, ìlú wọn. Bí ìrúwé bá sì dé, gbọ̀ngàn àti gòjé á yọ́ padà sínú odò, ọwọ́ rẹ̀ á ṣófo.

"Mi ò lè gbé ọmọ mi fún ẹni tó ń fi omi ṣiṣẹ́," Ásllat wí. "Bí oòrùn bá ràn, kí ni wọ́n á jẹ?"

"Bàbá, mo ti tú àgbọ̀nrín rẹ̀," Rávdná wí.

"Mo rí ọ. Gbogbo ìlú ló rí ọ."

Ó dákẹ́. Gádjá, ìyàwó rẹ̀, ń wò ó láti ẹ̀gbẹ́ iná, nítorí obìnrin náà mọ̀ pé bí ọkọ òun bá ti dákẹ́ báyẹn, ohun tó ń bọ̀ lẹ́yìn kì í dára. Ìgbà tó yá, ojú Ásllat tú ká. Ó rọra ti ife náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Màá wá gbọ́ ọ ní gbọ̀ngàn. Ọjọ́ tí mo bá dìde níbi orin rẹ, ọjọ́ náà ni màá mu kọfí rẹ. Ṣé ó tẹ́ ọ lọ́rùn?"

Inú Jovnna dùn débi pé ó dọ̀bálẹ̀. Heandarat ń kí ara rẹ̀ kú iṣẹ́. Gádjá nìkan ló tẹ̀ lé ọkọ rẹ̀ wọ yàrá.

"Ásllat, kí lo ní lọ́kàn?"

"Orin ni mo fẹ́ gbọ́."

"Láti ìgbà wo?"

Ásllat ń wá bàtà rẹ̀.

Gbọ̀ngàn yẹn, wọn kì í fi ṣeré. Orin àkọ́kọ́ tí wọ́n bá lù níbẹ̀, ọ̀fẹ́ ni. Láti orí èkejì lọ, orin kan ń gbé ọdún kan lọ níta, bẹ́ẹ̀ ẹni tó jókòó sínú rẹ̀ ò ní mọ̀ ju pé orin kan parí. Bí orin bá ti bẹ̀rẹ̀, ilẹ̀kùn á dì pa, àáké ò ní wọ̀ ọ́, oòrùn pàápàá ò ní lè yọ́ ògiri rẹ̀ títí orin á fi dákẹ́. Àárín orin kan sí èkejì nìkan ni àkókò inú àti ti ìta ń bára mu, ìyẹn ò sì ju ìgbà tí olórin fi ń mí kanlẹ̀ lọ. Ìdí nìyẹn tí gbogbo ìlú fi máa ń dìde lẹ́yìn orin kan ṣoṣo. Àgbà tó bá jókòó síwájú ló ń kọ́kọ́ dìde, olórin á wá gbé gòjé sílẹ̀. Olórin tó bá gbé gòjé sílẹ̀ nígbà tí àgbà ṣì jókòó ti fàbùkù kan àgbà nìyẹn. Lọ́jọ́ tí ọkọ ìyàwó bá ń lu gòjé, bàbá ìyàwó ni àgbà ọ̀hún.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, gbọ̀ngàn kún. Jovnna lu gòjé débi pé àwọn obìnrin tó ti bímọ mẹ́fà ń nu ojú. Rávdná gbọ́ orúkọ ara rẹ̀ nínú orin náà bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní ọ̀rọ̀ kankan nínú. Ó ń sọ lọ́kàn ara rẹ̀ pé, ọkọ mi nìyẹn, ọkọ mi nìyẹn. Orin parí. Àwọn èèyàn dìde, wọ́n ń rọ́ jáde, nítorí kò sí ẹni tó fẹ́ fi ọdún kan ṣòfò. Ásllat ò dìde.

Rávdná yíjú padà lẹ́nu ilẹ̀kùn. Bàbá rẹ̀ ká apá mọ́ àyà lórí ìjókòó iwájú. Jovnna gbé ọ̀pá gòjé sókè, ó wo bàbá, ó wo ọmọ. Rávdná gbọn orí sí i gidigidi, kó má ṣe bẹ́ẹ̀, kó sọ gòjé yẹn sílẹ̀, kó jẹ́ kí àbùkù kan ẹni tó bá fẹ́ kàn. Jovnna rí i. Ó sì fi ọ̀pá lé okùn.

Gádjá ló fa Rávdná jáde kí ilẹ̀kùn tó dì.

Ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́, gbogbo ìlú ń wá wò wọ́n. Ògiri náà nípọn, ṣùgbọ́n bí oòrùn bá là á kọjá, wọ́n ń rí Ásllat bí òkìtì dúdú kan níwájú, wọ́n sì ń rí apá Jovnna tó nà síta. Apá náà ò mì. Lẹ́yìn oṣù kan, ó ti sún díẹ̀. Rávdná á fi àtẹ́lẹwọ́ lé ògiri títí á fi kú tipiri, Gádjá á wá fà á kúrò.

"Ọkọ tèmi náà wà níbẹ̀," Gádjá á wí. "Ṣé o rí mi kí n máa lá omi dídì?"

"Ìyá mi, ẹ̀yin ti gbé tiyín gbó."

"Pípẹ́ ni yóò pẹ́, akólòlò á pe baba. Wá jẹun."

Ìrúwé dé, odò yọ́, gbọ̀ngàn ò yọ́. Ó dúró sínú koríko tútù, ẹ̀fọn ń kùn yí i ká. Nígbà tí ọdún pé, ìró gòjé tó ń bọ̀ látinú rẹ̀ dákẹ́. Rávdná sáré dé ẹnu ilẹ̀kùn, ó fi èjìká tì í, ilẹ̀kùn sì mì. Ó ké pe Jovnna lórúkọ lẹ́ẹ̀kan péré kí orin mìíràn tó bẹ̀rẹ̀, kí ilẹ̀kùn tó le padà bí òkúta. Ó ṣubú síbẹ̀. Ní ọdún kejì, ó tún ṣe bẹ́ẹ̀. Lọ́dọọdún ló ń ṣe é. Àwọn ọmọ ìlú dàgbà bá ìran yẹn, wọ́n ń pè é ní ọjọ́ ilẹ̀kùn Rávdná, wọ́n máa ń gbé oúnjẹ lọ́wọ́ wá wò ó.

Ọkùnrin wá tọrọ rẹ̀. Èyí tó dúró jù ni Duommá, opó ọkùnrin kan tó ní agbo ẹran, tó sì ní sùúrù. Ó fi ọkọ̀ pákó yí ilé po lẹ́ẹ̀mẹta. Rávdná jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ iná.

"Jáde lọ tú u," Gádjá bẹ̀ ẹ́. "Èèyàn dáadáa ni."

"Mo ti tú ti ẹlòmíràn."

"Ẹlòmíràn yẹn dà?"

Ọ̀rọ̀ náà gún un, ṣùgbọ́n kò dìde. Ọdún gorí ọdún. Alùpùpù tí ń sáré lórí yìnyín dé, wọ́n ò fi àgbọ̀nrín fa ọkọ̀ mọ́. Duommá tún padà wá lórí tirẹ̀, ó pa ẹ́ńjìnnì rẹ̀ sẹ́nu ọ̀nà, ó ṣí fìlà.

"Kò sí nǹkan tí wàá tú mọ́, Rávdná. Ẹnu lásán ni mo fẹ́ gbọ́."

Rávdná rẹ́rìn-ín, ó ti pẹ́ tó ti rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ gbẹ̀yìn. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ pé bẹ́ẹ̀ ni. Ó rí ilé Duommá lójú ọkàn rẹ̀, ó rí ọmọ. Ó wá rántí apá tó nà síta nínú ògiri yẹn, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ kí orin tọdún yìí parí ná."

"Èmi ò fetí sí orin yẹn mọ́," Duommá wí. Ó dé fìlà rẹ̀, ó lọ. Ó gbé ìyàwó láti òdìkejì odò kí ọdún tó yí.

Gádjá ṣàìsàn, kò pẹ́ lórí ibùsùn. Kò sọ̀rọ̀ ìfẹ́, kò sọ̀rọ̀ ìdáríjì. Ó ní, "Bí bàbá rẹ bá dìde, sọ fún un pé mi ò dè é." Wọ́n sin ín sẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì, orin tí ọkọ rẹ̀ jókòó tì ń dún tín-ín-rín létí odò bí wọ́n ti ń bo ilẹ̀.

Ọdún kejìdínlógún ni ìró dákẹ́, tí kò sì tún bẹ̀rẹ̀. Rávdná fi èjìká ti ilẹ̀kùn bó ti máa ń ṣe, ilẹ̀kùn yà, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dojú bolẹ̀ sínú gbọ̀ngàn. Bàbá rẹ̀ ti dúró, ó ń fọwọ́ ra itan. Iṣan ẹsẹ̀ tó so ló gbé e dìde, kì í ṣe àánú. Ó wo obìnrin tó wà níwájú rẹ̀ yìí, aṣọ dúdú lọ́rùn, ewú lórí.

"Gádjá," ó wí, "ẹsẹ̀ mi ti kú. Jọ̀ọ́, wá nǹkan gbígbóná fún mi."

"Gádjá wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì," Rávdná dá a lóhùn. "Ó ní kí n sọ fún yín pé òun ò dè yín."

Ásllat tún jókòó. Aṣọ ò bá Ọmọ́yẹ mọ́, Ọmọ́yẹ ti rìnhòòhò wọjà.

Jovnna wà lẹ́yìn rẹ̀ pẹ̀lú gòjé lọ́wọ́, òógùn orin ṣì wà ní ètè rẹ̀, ojú rẹ̀ ń dán bí ojú ọmọ tuntun. Ó wo Rávdná. Rávdná rí bó ṣe ń wá ẹnì kan lójú òun, tó wá a títí, tó wá a rí, tí inú rẹ̀ ò sì dùn sí i. Ó yára rẹ́rìn-ín lẹ́yìn náà, ṣùgbọ́n Rávdná ti rí èyí tó kọ́kọ́ hàn.

Ní ọjọ́ kejì, Jovnna gbé ìkòkò kọfí wá. Heandarat ti kú tipẹ́, kò ní alárenà, òun nìkan ló wá. Ó sè é, ó bù ú fún Ásllat. Àgbà náà da ìdajì rẹ̀ sí ẹsẹ̀ ara rẹ̀. Ó mu ìyókù.

"Mo ń dúró kó rẹ̀ ẹ́ ni," ó wí, kò wo ẹnikẹ́ni. "Mo ní bó bá ti rẹ̀ ẹ́, tó sọ gòjé sílẹ̀ níṣojú mi, mo ti bọ́ lọ́wọ́ àdéhùn. Tàbí kí Rávdná ti bá ẹlòmíràn lọ."

"Èmi náà ń dúró kí ẹ dìde ni," Jovnna wí.

Rávdná wo ọ̀kan, ó wo èkejì. Ó ní kí bàbá òun bọ́ síta.

"Mo gbọn orí sí ọ lọ́jọ́ yẹn."

"Mo rí i."

"Mo ń pè ọ́ lẹ́nu ilẹ̀kùn lọ́dọọdún."

"Mo gbọ́. Bí orin bá ti parí ni mo ń gbọ́ ọ. Mo ní, ó ṣì wà níbẹ̀. Ó ń fún mi lágbára." Ó fi ọwọ́ pa orí. "Nígbà tó yá, bàbá rẹ ń mi orí sí orin mi, Rávdná. Ẹlẹ́ran ńlá bíi tiwọn. Kò sí ẹni tó ṣe bẹ́ẹ̀ fún mi rí láti ọjọ́ tí mo ti dáyé."

"Ṣé o ṣàárò mi?"

Kò mọ irọ́ pa, ìyẹn gan-an ló sì burú nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀. "Ìrọ̀lẹ́ kan ni, Rávdná. Kò pẹ́ tó ohun tí èèyàn fi ń ṣàárò ẹni."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ Rávdná lára. Bó ṣe dùn ún tó, ó ṣì ń wo ọrùn ọmọkùnrin náà, ó ṣì fẹ́ fọwọ́ kàn án. Ó kórìíra ara rẹ̀ nítorí ẹ̀.

"Ṣé wàá fẹ́ mi?"

"Mo ti ṣèlérí."

"Ìyẹn kọ́ ni mo bi ọ́."

Jovnna wo ilẹ̀. Rávdná dìde, ó kó ife kúrò lórí tábìlì, ó fọ̀ wọ́n, ó nù wọ́n gbẹ. Nígbà tó yíjú padà, ó ti parí ìrònú rẹ̀.

"Bí odò bá dì, kọ́ gbọ̀ngàn. Èmi á wọlé, bàbá mi á máa kọrin fún mi, ìwọ á dúró níta. Bí ọjọ́ orí wa bá ti dọ́gba, màá jáde, a ó lọ bá pásítọ̀. Ojú kò ní ti ọ láti mú mi rìn."

"Màá dúró," Jovnna wí. Ó yára sọ ọ́, bí ẹni tí kò tíì dúró de nǹkan kan rí. Ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbá a mọ́ra, Rávdná sì jẹ́ kó gbá òun mọ́ra. Ìfẹ́ àti ìbínú wà nínú ikùn kan náà, kò mọ èyí tó ń sọ̀rọ̀ lẹ́nu òun.

Ásllat ò jiyàn. "Ọmọ tó ní kí ìyá òun má sùn, òun náà ò ní fojú kan oorun," Rávdná sọ fún un. "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ ìjókòó í jókòó, ẹ ó kọrin." Ó ní bẹ́ẹ̀ ni. Nílùú wọn, olúkúlùkù ló ní orin tirẹ̀, bí oríkì. Ti Gádjá ni Ásllat ń kọ láti ìgbà tó ti jáde, ó ń kọ ọ́ nídìí iná, ó ń kọ ọ́ nínú oorun.

Odò dì, Jovnna kọ́ gbọ̀ngàn tó dára ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ásllat kọ orin àkọ́kọ́, àwọn èèyàn dìde, wọ́n jáde. Jovnna ló jáde gbẹ̀yìn. Ó fọwọ́ kan ọwọ́ Rávdná, ó ní, "Màá wà níbi tó o máa ń dúró sí." Ásllat mí kanlẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ èkejì, ilẹ̀kùn dì.

Níta, ọ̀sán àti òru ń ṣẹ́jú bíi fìtílà tí atẹ́gùn ń fẹ́. Ohun tó ń lọ tó ń bọ̀, kò hàn. Ohun tó bá dúró sójú kan nìkan ló ń hàn nínú ògiri, òjìji èèyàn kan sì wà níbẹ̀, ó ga, ó dúdú, kò mì. Rávdná fi àtẹ́lẹwọ́ lé e. Ara rẹ̀ yá gágá. Nínú orin náà àti èyí tó tẹ̀ lé e, ó joyè ìyàwó lọ́kàn ara rẹ̀, ó yan aṣọ, ó dárí jì í. Bí orin bá parí, á gbọ́ ohùn rẹ̀ lẹ́nu ilẹ̀kùn, "Rávdná, mo wà níbí o." Á rẹ́rìn-ín, á mi orí sí bàbá rẹ̀ pé kó máa bá a lọ.

Nínú orin kẹrin, òjìji náà ṣí. Rávdná sọ fún ara rẹ̀ pé iṣẹ́ ló pè é. Nínú ìkarùn-ún, ó dàbí èéfín. Ó tún ní bóyá ara Jovnna ò yá. Nínú ìkẹfà, ògiri funfun báláú, kò sì rí nǹkan sọ fún ara rẹ̀ mọ́. Orin yẹn parí láìsí ẹni tó pè é.

Orin keje parí. Ásllat dákẹ́ láti mí, ìta sì hàn kedere. Jovnna wà lẹ́nu ilẹ̀kùn. Irùngbọ̀n ti yọ lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Obìnrin kan dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó gbé ọmọ pọ̀n, èkejì di aṣọ rẹ̀ mú. Jovnna fi èjìká ti ilẹ̀kùn, ilẹ̀kùn mì.

"Rávdná, jáde wá. Jẹ́ kí n fẹnu ara mi sọ fún ọ."

Ásllat gbọ́ ọ. Ó wo ọmọ rẹ̀, ó ti ń gbára lé orúnkún láti dìde. Ohùn rẹ̀ ti há, kò sì sí ọdún púpọ̀ lára rẹ̀ mọ́ tí èèyàn lè ná níta.

"Ọmọ mi, ṣé kó tó báyìí?"

Ilẹ̀kùn tún mì. Omi ti ń kán láti ara àtẹ́rígbà rẹ̀.

"Ẹ jókòó, Bàbá," Rávdná wí. "Ẹ tún kọ òmíràn."